Dick Miller, òǹkọ̀wé tó ní áktọ̀ lòun

Ó ti lé ní ọ̀sẹ̀ mẹ́ta báyìí tí ọ̀rọ̀ kan ti ń yọ mí lẹ́nu, ọ̀rọ̀ tí ọkùnrin kan sọ ní California ní nǹkan bí 70 ọdún sẹ́yìn. Mo bá ń fọ abọ́, ó dé. Mo jókòó sínú mọ́tò nínú súnkẹrẹ-fàkẹrẹ, ó tún dé. Ẹ jẹ́ kí n kọ ọ́ síbí, bóyá á jẹ́ kí n sùn.

Ọmọ ẹ̀gbọ́n mi ló fà á. A jọ ń wo The Terminator, fíìmù 1984 tí gbogbo wa mọ̀ yẹn, a dé ibi tí Schwarzenegger, tó ṣe róbọ́ọ̀tì apànìyàn tó wá láti ọjọ́ iwájú, ti wọ ṣọ́ọ̀bù oníbọn, tó ń dárúkọ ìbọn lọ́kọ̀ọ̀kan, tí bàbá tó ni ṣọ́ọ̀bù sì ń gbé e kalẹ̀ fún un tayọ̀tayọ̀. Ọmọ náà kàn dá fíìmù dúró, ó ní, "Àǹtí, ṣebí bàbá oní-tírákítọ̀ inú Gremlins nìyẹn?"

Mo sún mọ́ tẹlifíṣọ̀n. Òun ni lóòótọ́. Láti ìgbà tí bàbá wa ti máa ń yá kásẹ́ẹ̀tì fídíò wálé lálẹ́ Sátidé ni mo ti ń rí ojú yẹn, mo rí i nínú fíìmù ìkookò, mo rí i nínú fíìmù ẹja tó ń jẹ èèyàn, mo rí i nínú fíìmù róbọ́ọ̀tì, mi ò sì fìgbà kankan béèrè pé kí lorúkọ ẹ̀. Ìyẹn dùn mí. Ẹni tó ti ń wá sílé yín láti kékeré yín, ẹ ò béèrè orúkọ ẹ̀ rí.

Dick Miller lorúkọ ẹ̀. Bronx ní New York ni wọ́n bí i sí, ọjọ́ Kérésìmesì gan-an, lọ́dún 1928. Ó kú ní oṣù Kìíní ọdún 2019, ẹni 90 ọdún, fíìmù tó ti ṣe sì lé ní 150. Mo ka gbogbo ìyẹn lálẹ́ ọjọ́ náà, kò fi bẹ́ẹ̀ ṣe mí ní nǹkan kan, àfi ìgbà tí mo dé ibi tí wọ́n ti ní kì í ṣe eré ló bá wá sí California.

## "Kí niṣẹ́ ẹ?"

Ìwé kíkọ ló bá lọ. Ó fẹ́ máa kọ ìtàn fún fíìmù, ìdí ẹ̀ tó fi kó kúrò ní New York ní ìbẹ̀rẹ̀ àwọn ọdún 1950 nìyẹn. Ó ní ọ̀rẹ́ kan, Jonathan Haze, tó ti ń ṣeré lọ́dọ̀ Roger Corman, pródúsà ọ̀dọ́ kan tó ń fi owó táṣẹ́rẹ́ ṣe fíìmù kíákíá kíákíá, Haze sì mú un lọ kí i. Corman bi í pé kí niṣẹ́ ẹ̀, ó ní òǹkọ̀wé lòun. Corman ní òun ò nílò òǹkọ̀wé o, ìwé eré kún ọwọ́ òun, áktọ̀ lòun ń wá. Miller ní ó dáa, áktọ̀ lòun.

Ó tán. Bí ìtàn yẹn ṣe mọ nìyẹn, bẹ́ẹ̀ ló sì ṣe ń sọ ọ́ kiri títí tó fi darúgbó, àwọn èèyàn á sì rẹ́rìn-ín. Èmi ò lè rẹ́rìn-ín, torí mo mọ tábìlì yẹn.

Èmi náà ti gbé ìtàn tí mo kọ lọ sọ́dọ̀ pródúsà kan rí. Mi ò ní dárúkọ ẹ̀. Ó ṣí ìwé náà wò fìrí, ó ní ìtàn ò wọ́n àwọn, ẹni tó máa máa kọ gẹ̀ẹ́sì sábẹ́ fíìmù làwọn ń wá, ṣé mo lè ṣe é? Mo lè ṣe é dáadáa. Ṣùgbọ́n mo ní rárá sà, òǹkọ̀wé ni mí, mo kó ìwé mi, mo kúnlẹ̀ kí wọn pé ó dàbọ̀, mo sì bá tèmi lọ. Títí di ọ̀sẹ̀ mẹ́ta sẹ́yìn, mo máa ń fi ìdáhùn yẹn yangàn, mo tiẹ̀ ti sọ ọ́ fún àwọn ọ̀dọ́ kan pé ẹ ríi, ẹ má jẹ́ kí ẹnikẹ́ni yí orúkọ yín padà fún yín. Àfi bí mo ṣe wá bá ọkùnrin kan pàdé tí wọ́n bi ní ìbéèrè kan náà, tó sì fi ẹ̀ẹ̀kan ṣoṣo dáhùn gbà.

Bí a ò bá rí àdán, à fi òòbẹ̀ ṣẹbọ, òwe yẹn ló kọ́kọ́ wá sí mi lọ́kàn, mo sì fẹ́ fi parí ọ̀rọ̀ náà síbẹ̀, pé àìrí ṣe ni, pé ebi ló ń pa á. Ṣùgbọ́n òwe náà ò ran ẹni tó fi òòbẹ̀ rú ẹbọ fún ọdún 60. Ẹni tó bá ń rú ẹbọ kan náà pẹ́ tó bẹ́ẹ̀, ó ti ní ohun tó rí nínú òòbẹ̀ yẹn.

## Áktọ̀ wo?

Ẹ̀yin tẹ́ ẹ dàgbà nígbà tí mo dàgbà, ẹ rántí pé lẹ́nu wa, "áktọ̀" kì í ṣe gbogbo ẹni tó bá ṣeré. Áktọ̀ lẹni tí kì í kú. Olórí àwọn ọ̀daràn, tá à ń pè ní "bọ́ọ̀sì", ni ọ̀tá ẹ̀, tí wọ́n máa ń bá ara wọn kan lópin. Àwọn tó kù, oníṣọ́ọ̀bù, ọlọ́pàá ẹnu ọ̀nà, awakọ̀, ẹni tó ń gbálẹ̀, èèyàn lásán ni wọ́n, ìbọn kan báyìí wọ́n ti lọ, a kì í tilẹ̀ dákẹ́ jẹ́ẹ́ fún wọn. Nínú èdè tiwa yìí, Dick Miller ò sọ òótọ́ fún Corman lọ́jọ́ yẹn. Áktọ̀ kọ́ ló lọ dà. Àwọn èèyàn lásán yẹn ló lọ dà, gbogbo wọn pátá.

Fíìmù kejì wẹ́ẹ́rẹ́ ò tíì dé tí Corman ti fi yé e. Nínú Apache Woman lọ́dún 1955, wọ́n kọ́kọ́ fi í ṣe ọ̀kan nínú àwọn ọmọ ìbílẹ̀ Amẹ́ríkà, nígbà tó sì yá, wọ́n ní kó tún lọ wọ aṣọ òyìnbó kó wà lára àwọn ará ìlú tó ń lépa wọn. Owó Corman ni Corman ń ṣọ́, ó dá mi lójú. Àmọ́ ẹ wo ilé ẹ̀kọ́ tó jẹ́ fún ẹni tó fẹ́ kọ ìtàn: láàárín fíìmù kan ṣoṣo, ó ti dúró síbi tí ẹni tí wọ́n ń lé dúró sí, ó sì ti dúró síbi ẹni tó ń lé e.

Lẹ́yìn ìyẹn ló kan fíìmù tí mo fẹ́ bẹ̀ yín pé kẹ́ ẹ lọ wá wò, A Bucket of Blood, ọdún 1959. Ọjọ́ márùn-ún péré ni wọ́n fi yà á, owó tí wọ́n ná sí i jẹ́ nǹkan bí 50,000 dọ́là. Charles B. Griffith ló kọ ọ́. Nínú èyí, Miller di áktọ̀ lọ́nà tiwa, òun ni fíìmù náà dá lé: Walter Paisley, ọmọkùnrin kan tó ń palẹ̀ ife mọ́ ní ilé kọfí tí àwọn akéwì àti àwọn ayàwòrán ti máa ń jókòó ṣe fáàrí. Kò sẹ́ni tó ka Walter sí. Lálẹ́ ọjọ́ kan ó ṣèèṣì pa ológbò onílé ẹ̀, ẹ̀rù bà á, ó fi amọ̀ bo òkú ẹ̀, ó gbé e lọ síbi iṣẹ́, gbogbo wọn sì pariwo pé háà, iṣẹ́ ọnà rè é! Wọ́n yìn ín débi pé wọ́n ní kó tún ṣe òmíì. Ẹ mọ ibi tọ́rọ̀ náà máa já sí, torí amọ̀ wà nílẹ̀, àmọ́ ológbò ti tán.

Nígbà tí wọ́n kọ́kọ́ yin Walter, ó yẹ kẹ́ ẹ wo ojú Miller. Kò rẹ́rìn-ín kíákíá. Ó kọ́kọ́ wò wọ́n bí ẹni tó ń dúró kí wọ́n sọ pé àwọn ń ṣeré ni, ẹ̀rín náà wá rọra ń yọ bọ̀ bí oòrùn àárọ̀ ọyẹ́, ó sì dùn mí gan-an torí mo mọ̀ pé òkú ni wọ́n ń yìn. Ọdún mẹ́rin sẹ́yìn ni wọ́n sọ fún ọkùnrin yìí pé ohun tó pe ara ẹ̀ ò wúlò fún àwọn, òun ni wọ́n wá fún ní ipò ẹni tó lè pààyàn torí kí wọ́n lè máa pe òun ní oníṣẹ́ ọnà. Griffith ló kọ ọ̀rọ̀ ẹnu Walter o, àmọ́ ìsinmi tó wà láàárín ọ̀rọ̀ kan sí èkejì, Miller ló kọ ìyẹn. Ojú ẹ̀ ló fi kọ ọ́.

Níparí fíìmù náà Walter pokùn so, ó sì yẹ kí amọ̀ bo òun náà pátápátá, kó di iṣẹ́ ọnà ìkẹyìn. Owó ò sí, àsìkò ò sí, wọ́n kàn fi àtíkè eléérú díẹ̀ pa á lójú, wọ́n sì yà á bẹ́ẹ̀. Miller ò gbàgbé. Ó dàgbà tán, ó ṣì ń ráhùn pé ìtàn náà dáa, eré náà dáa, owó ló ba òpin ẹ̀ jẹ́. Nígbà tí mo gbọ́ ìyẹn mo pariwo nínú yàrá mi, mo ní ẹ ò rí i, òǹkọ̀wé ni! Òṣèré á máa ráhùn pé wọn ò jẹ́ kí ojú òun hàn dáadáa. Ẹni tó bá ń ráhùn fún ọgbọ̀n, ogójì ọdún pé wọ́n ba òpin ìtàn jẹ́, iṣẹ́ tó bá kúrò nílé ò tíì kúrò nínú ẹ̀.

## Òdòdó oníyọ̀

Lọ́dún tó tẹ̀lé e, Corman àti Griffith tún gbé irú ẹ̀ dé, The Little Shop of Horrors, èyí tí wọ́n ya ibi tó pọ̀ jù nínú ẹ̀ láàárín ọjọ́ méjì. Wọ́n fi ipò áktọ̀ lọ Miller. Ó ní rárá. Ọmọ ilé ọjà kan tó dá wà, tó ń pààyàn láìfẹ́, ó ti ṣe ìyẹn lánàá, Walter Paisley ni. Jonathan Haze ló wá bọ́ sí i, ọ̀rẹ́ tó mú un lọ bá Corman lọ́jọ́ kìíní. Miller sì mú ipò kékeré kan, ti ọkùnrin tó máa ń wá ra òdòdó, táá bọ́ iyọ̀ jáde lápò, táá wọ́n ọn sórí òdòdó, táá sì jẹ ẹ́ níbẹ̀ níbi tó dúró sí.

Ẹ tún èyí rò. Ó ní rárá sí ipò ńlá, ó ní bẹ́ẹ̀ni sí ìpápánu. Ìgbà tí mo ka èyí ni mo wá mọ̀ pé "ó dáa, áktọ̀ lòun" tó sọ fún Corman kì í ṣe ọ̀rọ̀ ẹni tó máa ń gba ohunkóhun tí wọ́n bá gbé fún un.

## Bàbá oníbọn

Mo ti padà lọ wo ibi ṣọ́ọ̀bù yẹn nínú The Terminator, mi ò lè ka iye ìgbà. Kò gùn rárá. Ṣùgbọ́n ẹ wo ohun tó wà nínú ẹ̀. Bàbá yìí fẹ́ràn ọjà ẹ̀. Oníbàárà tó mọ ọjà ti dé lónìí, inú ẹ̀ dùn, ó ń fi ọwọ́ pa ìbọn bí ẹni pa aṣọ òkè, ó ń ṣàlàyé èyí tó dáa fún ààbò ilé. Ẹ̀rọ yẹn béèrè ìbọn kan tí wọn ò tíì ṣe láyé, bàbá ò janpata, ó ní ohun tó rí lórí àtẹ ló wà. Nígbà tí wọ́n ní gbogbo ẹ̀ làwọn máa rà, ó ti ń rò ó pé bóyá kóun tètè tìlẹ̀kùn lónìí. Ó wá rántí òfin: èyí ọlọ́wọ́ kékeré, àfi kẹ́ ẹ dúró fún ọjọ́ 15, èyí gígùn ẹ lè gbé e lọ báyìí. Ibi tó ti ń sọ̀rọ̀ òfin lọ́wọ́ ni ẹni yẹn ti ń ki ọta sínú ìbọn.

Ìwọ̀nba ọ̀rọ̀ yẹn, mo ti mọ bí bàbá náà ṣe ń jí láàárọ̀, mo mọ̀ pé ó máa ń nu gíláàsì àtẹ ẹ̀, mo mọ̀ pé kì í ṣe èèyàn burúkú. Mo ka ikú ẹ̀ sí ikú. Nínú fíìmù tí wọ́n ti pa àwọn èèyàn bí ẹni pa eṣinṣin, òun nìkan ni ọmọ ẹ̀gbọ́n mi dá fíìmù dúró fún. Ọwọ́ ọmọdé ò tó pẹpẹ, tàgbàlagbà ò wọ kèǹgbè: Schwarzenegger ò lè mú ẹ̀rù bà wá nínú ṣọ́ọ̀bù yẹn láìsí ẹni tó fara balẹ̀ jẹ́ èèyàn níwájú ẹ̀.

## Walter tún ti dé

Dáírẹ́kítọ̀ Joe Dante, tó ti fẹ́ràn fíìmù Corman kó tó wá bá a ṣiṣẹ́, ló bẹ̀rẹ̀ nǹkan tó wú mi lórí jù nínú gbogbo ọ̀rọ̀ yìí. Lọ́dún 1976 tí òun àti Allan Arkush jọ ṣe Hollywood Boulevard, wọ́n fún Miller ní ipò kan, wọ́n sì sọ ẹni náà ní Walter Paisley. Walter tó ti pokùn so ní 1959! Ní 1981, nínú The Howling, Walter Paisley tún dé, ó ti di ẹni tó ń ta ìwé awo, òun ló ní ọta fàdákà tí wọ́n fi ń pa èèyàn tó ń di ìkookò. Ní 1983 ó ní ilé oúnjẹ nínú Twilight Zone: The Movie. Ní 1986 ó ń gbálẹ̀ ọjà ńlá nínú Chopping Mall, róbọ́ọ̀tì pa á. Nínú fíìmù tó ṣe kẹ́yìn pàápàá, tó jáde lọ́dún tó kú, rábì ni, orúkọ rábì náà sì ni Walter Paisley.

Àwa mọ ohun tí wọ́n ń pe irú ọmọ bẹ́ẹ̀. Ọmọ tó ń kú tó ń padà wá, tí wọ́n á sàmì sí lára kí wọ́n lè dá a mọ̀ tó bá tún dé, tí wọ́n á sọ ní Málọmọ́, tí wọ́n á sọ ní Dúrósinmí. Orúkọ yẹn ni àmì tí Dante fi sí i lára. Ó dà bí ẹni tó ń sọ fún gbogbo àwọn tó ń ta fíìmù pé ẹ pa á bẹ́ ẹ ṣe fẹ́, a máa mọ̀ ọ́n tó bá padà wọlé. (Àwa náà máa ń fi orúkọ inú eré pe òṣèré wa, ẹ lọ sójà kẹ́ ẹ dárúkọ Lérè Páímọ́, ẹ̀ẹ́ gbọ́ tí wọ́n á ní "Ẹ̀dá Onílé Ọlá" ni. Àmọ́ tiwa, ará ọjà ló ń sọ ọ́. Ti Walter, àwọn dáírẹ́kítọ̀ ló jọ ń sọ ọmọ náà lórúkọ láti fíìmù dé fíìmù.)

Bàbá oní-tírákítọ̀ inú Gremlins náà, Murray Futterman, ẹ rántí bí àwọn ẹ̀dá abàmì kéékèèké inú fíìmù náà ṣe wa tírákítọ̀ ẹ̀ wọlé bá òun àti ìyàwó ẹ̀. Gbogbo wa rò pé ó ti parí. 1990, apá kejì jáde, Futterman tún yọ.

## Ìwé ńkọ́?

Mi ò fẹ́ kí ẹnikẹ́ni rò pé mò ń sọ pé ó dáa bẹ́ẹ̀. Ọ̀nà kan ò wọ ọjà, òótọ́ ni, ṣùgbọ́n ẹni tó gba ọ̀nà ẹ̀yìn wọjà lè má rí ìsọ̀ tó ń wá. Ìwé tó kọ ò tó nǹkan. Orúkọ ẹ̀ wà lára àwọn tó gbé ìtàn Which Way to the Front? kalẹ̀, fíìmù aláwàdà Jerry Lewis ọdún 1970. Òun àti Ken Metcalfe ló kọ T.N.T. Jackson lọ́dún 1974, èyí tí Cirio Santiago dáírẹ́ẹ̀tì ní Philippines, ọmọbìnrin kan tó ń wá ẹni tó pa arákùnrin ẹ̀ kiri, ẹ̀ṣẹ́ láti ìbẹ̀rẹ̀ dópin. Mo wo ìyẹn náà. Mo ń wá ọwọ́ ẹni tó jẹ òdòdó oníyọ̀ nínú ẹ̀, mo rí i níbì kan tàbí méjì péré.

Ipò kékeré sì ní ìbànújẹ́ tiẹ̀. Ó ṣe eré nínú Pulp Fiction, wọ́n sì gé gbogbo ibi tó wà kúrò kí fíìmù náà tó jáde ní 1994. Ẹ ò lè gé áktọ̀ kúrò. Oníṣọ́ọ̀bù, ẹ lè gé e, fíìmù á sì máa lọ. Nígbà tí Elijah Drenner wá ṣe fíìmù nípa ayé ẹ̀ lọ́dún 2014, àkọlé tó fún un jẹ́ ohun tí gbogbo ènìyàn ń pè é: That Guy Dick Miller. Ọkùnrin yẹn. Bí èmi àti ọmọ ẹ̀gbọ́n mi náà ṣe mọ̀ ọ́n nìyẹn kó tó di pé mo wá orúkọ.

Mo ti ń ro "rárá sà" tèmi yẹn. Bí mo bá gbà lọ́jọ́ yẹn, gbogbo ọjọ́ ni ǹ bá máa jókòó ti fíìmù, tí ǹ bá máa fetí gbọ́ bí ìyá ọkọ ṣe ń bínú, bí onígbèsè ṣe ń bẹ̀bẹ̀, ẹ̀ẹ̀mẹ́wàá, ogún ìgbà, kí n tó rí gẹ̀ẹ́sì tó máa gbé e. Mi ò rò ó nígbà náà. Ipò tí wọ́n fi lọ̀ mí ni mo wò, mi ò wo ohun tí mo lè jí kó níbẹ̀. Àmọ́ tí mo bá tún rántí T.N.T. Jackson, mo máa ń rí i pé iṣẹ́ tó gba ọwọ́ kì í fi ọwọ́ sílẹ̀ bọ̀rọ̀. Ọkàn mi ò tíì gúnlẹ̀ síbì kan lórí ẹ̀.

Lálẹ́ àná a wo After Hours, fíìmù Scorsese ti 1985, tí ọkùnrin kan sọnù sí ìgboro New York lóru. Ọmọ ẹ̀gbọ́n mi ti sùn lọ sórí àga, mo rò pé kò wò ó mọ́. Ọkùnrin inú fíìmù náà wọ ilé oúnjẹ kan, ẹni tó ń gbé oúnjẹ yọ láti ẹ̀yìn káńtà, irun ẹ̀ ti ń fọ́nká, ojú ẹ̀ fi hàn pé ó ti rẹ̀ ẹ́, ó sì tún ń ṣàánú oníbàárà ẹ̀. Mi ò tíì lanu tí ọmọ yẹn fi dìde jókòó.

"Àǹtí," ó ní, "Walter ti dé."